Bí Èmi Télọ̀ Ṣe La Ẹnu Bi Dókítà Nípa Igbó

Àwọn ọ̀dọ́ ìjọ wa ló ní kí n kọ èyí. Wọ́n ní àwọn ń gba ọ̀rọ̀ jọ lẹ́nu àwa tí a ti fẹ̀yìn tì, kí àwọn tó ń ronú iṣẹ́ tí wọn yóò ṣe lè mọ bí iṣẹ́ ṣe ń rí nígbà tí ènìyàn bá ti ṣe é dàgbà. Mo kọ́kọ́ rò pé ti abẹ́rẹ́ àti òwú nìkan ni n óò sọ. Nígbà tí mo jókòó tì í, mo rí i pé n kò lè sọ ti iṣẹ́ kí n má sọ ti ẹsẹ̀ tí mo fi ṣe é, n kò sì lè sọ ti ẹsẹ̀ kí n má sọ ti ọjọ́ tí mo jókòó níwájú dókítà tí mo bi í nípa igbó. Igbó tí ẹ mọ̀ yẹn náà ni, èyí tí ọlọ́pàá ń tìtorí rẹ̀ mú ènìyàn. Ẹ fara balẹ̀. A óò dé ibẹ̀.

Fọlákẹ́ ni wọ́n sọ mí, ṣùgbọ́n ní Eastbrook, àdúgbò tí mò ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù, Ìyá Dúpẹ́ Télọ̀ ni wọ́n ń pè mí. Abẹ́òkúta ni wọ́n bí mi sí, ní Ìjẹ̀mọ̀. Nígbà tí mo parí ìwé mẹ́wàá, màmá mi fẹ́ mú mi lọ sọ́dọ̀ obìnrin kan tó ń rán búláòsì àti gáùn. Mo ní rárá, aṣọ ọkùnrin ni mo fẹ́ máa rán. Mo ti rí kóòtù kan lọ́rùn ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ wa, bó ṣe jókòó sí èjìká rẹ̀ bíi pé wọ́n dà á lé e lórí. N kò lè gbàgbé kóòtù yẹn. Màmá mi bá mi jà, ó sunkún díẹ̀, nígbẹ̀yìn ó mú mi lọ sọ́dọ̀ Ọ̀gá Ràṣákì.

Ọ̀gá Ràṣákì kò ga, kì í sì í pariwo. Ohùn tó fi ń kí oníbàárà náà ló fi ń lé ọmọṣẹ́ jáde. Ó wò mí láti òkè dé ilẹ̀, ó bi màmá mi pé, "Ṣé ó máa ń tètè rẹ̀ ẹ́?" Màmá mi ní rárá. Ó ní, "A óò rí i."

Ayóònù eléèdú ni iṣẹ́ àkọ́kọ́ tó fún mi. Èmi ni mò ń fẹ́ iná rẹ̀, èmi ni mò ń gbọn eérú rẹ̀ dànù, mo sì ní láti mọ ìgbà tó gbóná tó fún aṣọ òfì àti ìgbà tó gbóná jù fún lẹ́ẹ̀sì. Bí eérú bá já sórí ṣòkòtò funfun, èmi ni n óò fọ̀ ọ́, n óò sá a, n óò tún un lọ̀ kí oníbàárà tó dé. Lẹ́yìn èyí ló tó jẹ́ kí n jókòó sídìí máṣíìnì ẹlẹ́sẹ̀. Kò fi òwú sí i. Pépà ló fún mi, ó fa ìlà sórí rẹ̀, ó ní kí n máa rán an lọ. Tí mo bá parí, yóò gbé e sókè sí oòrùn, yóò máa wo ihò tí abẹ́rẹ́ lu.

"Ibí yìí ńkọ́? Kí ló ṣe é tó fi wọ́?"

"Ẹsẹ̀ mi ló sáré, sà."

"Ẹsẹ̀ ta ni?"

"Ẹsẹ̀ tèmi, sà."

"Ó dáa. Bá a sọ̀rọ̀."

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe kọ́ ọ. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ti ń rán gáùn fún ara wọn, èmi ṣì ń rán pépà. Nígbà tí mo sì bọ́ sórí aṣọ gan-an, ọ̀rọ̀ tí mo gbọ́ jù lẹ́nu ọ̀gá mi ni "Tú u." Ó ní kí n tú kọ́là, kí n tú àpò, kí n tú apá kóòtù tí oníbàárà ti wọ̀ tó sì ti ń yẹ ara rẹ̀ wò nínú dígí tẹ̀rín-tẹ̀rín. Mo máa ń fi ìbínú tú u, èmi náà yóò sì rí i lẹ́yìn tí mo bá tún un rán pé ó dára jù ti àkọ́kọ́ lọ. N kò sọ fún un rí.

Ọmọṣẹ́ kan wà tó ṣáájú mi dé ibẹ̀, Múkáílà lorúkọ rẹ̀. Ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ju ti gbogbo wa lọ. Ní ọjọ́ kan ó ti ibi oúnjẹ ọ̀sán dé pẹ̀lú òórùn igbó lára. Ọ̀gá kò nà án, kò bú u. Ó gbé sísọ́ọ̀sì Múkáílà síta, ó ní, "Máa lọ. N kì í kọ́ ọmọ igbó níṣẹ́." Kò sẹ́ni tó tún dárúkọ Múkáílà nínú ṣọ́ọ̀bù yẹn mọ́. Ohun tí mo mọ̀ nípa igbó nìyẹn fún ọ̀pọ̀ ọdún: pé ó lè mú kí wọ́n pa orúkọ ènìyàn rẹ́.

Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ni ọ̀rọ̀ ọ̀hún wọ ilé tiwa. Àbúrò mi ọkùnrin, Káyọ̀dé, ń kọ́ṣẹ́ wáyà iná. Ọmọ tó máa ń mú gbogbo ilé rẹ́rìn-ín ni. Òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í mu igbó, lẹ́yìn ìgbà díẹ̀ a rí i pé ó ń fi òwú dí etí rẹ̀. Ó ní àwọn kan ń bú òun. Ní ọjọ́ kan ó wá sí ṣọ́ọ̀bù, ó dúró níwájú máṣíìnì mi, ó ní kí n sọ fún máṣíìnì náà kó yé ṣépè fún òun. Ọ̀gá Ràṣákì fi aṣọ bo máṣíìnì náà, ó rọra sọ fún mi pé, "Mú àbúrò rẹ lọ sílé." N kò rí i kó rọra sọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ rí.

Wọ́n mú Káyọ̀dé lọ sí abúlé lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n bàbá mi. Fún àwọn ará àdúgbò, a ní ó ti lọ ṣiṣẹ́ ní Kánò. A sọ ọ́ títí tó fi ń dán lẹ́nu wa. Nígbà tí mo fẹ́ ṣe ìgbéyàwó, mo sọ òtítọ́ fún ọkọ mi nìkan. Ó ní kò sóhun tó burú, ṣùgbọ́n ká má jẹ́ kí ó jáde. Kò jáde.

N kò ní pẹ́ lórí bí mo ṣe dé Lọ́ńdọ̀nù. Ọkọ mi ti ṣáájú, mo tẹ̀lé e. Ilé iṣẹ́ kan ní ìhà gúúsù Lọ́ńdọ̀nù tó ń rán aṣọ iléèwé gbà mí, mo sì ṣe bẹ́ẹ̀ títí a fi kó wá sí Dagenham. Ohun tó dẹ́rù bà mí ní ilé iṣẹ́ yẹn ni máṣíìnì wọn. Tèmi ní Abẹ́òkúta, èmi ni mò ń fi ẹsẹ̀ wà á bí kẹ̀kẹ́. Tiwọn, o kàn fi ẹsẹ̀ kan án báyìí, yóò ti fò lọ dé òpin aṣọ. Mo ba aṣọ jẹ́ ní ọjọ́ àkọ́kọ́ débi tí mo fi rò pé wọ́n máa lé mi. Ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ tó ti rán pépà lábẹ́ Ọ̀gá Ràṣákì, kò ṣòro fún un láti kọ́ ìtẹ̀ tuntun. Láàárín ìgbà díẹ̀ wọ́n ń pè mí wá síbi iṣẹ́ tó bá nira. Nígbà tó yá, máṣíìnì tó ń gé òwú fúnra rẹ̀ dé, èyí tó ń ya òdòdó sára aṣọ láti inú kọ̀ǹpútà dé. Mo kọ́ gbogbo rẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ má bẹ̀rù irinṣẹ́ tuntun. Ẹni tó bá mọ ohun tí aṣọ fẹ́, irinṣẹ́ yóò gbọ́ tirẹ̀.

Nígbẹ̀yìn, mo gba ṣọ́ọ̀bù kékeré tèmi ní ìtòsí ibùdókọ̀ ojú irin Dagenham Heathway. Títún aṣọ ṣe ni iṣẹ́ ibẹ̀: ká gé ẹsẹ̀ ṣòkòtò, ká fẹ ìbàdí, ká pààrọ̀ sípù. Òyìnbó ń wá, ará Báńgíládéṣì ń wá, àwọn ènìyàn wa ń wá. Àwọn ará ìjọ wa ń gbé sùtánà wá kí n tún un ṣe. Inú mi dùn níbẹ̀. Mo máa ń kọrin.

Ibẹ̀ náà ni ibi ti bá mi. Ọmọbìnrin kan gbé aṣọ ìgbéyàwó funfun wá kí n dín ìbàdí rẹ̀ kù. Ọjọ́ Sátidé ni ìgbéyàwó rẹ̀, Ọjọ́bọ̀ la wà. Mo ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí rẹ̀ nígbà tí ẹsẹ̀ ọ̀tún mi gan pa lójijì bí igi. Mo fẹ́ gbé e kúrò lórí pẹ́dà, kò gbéra. Máṣíìnì ń sáré lọ. Kí n tó fi ọwọ́ pa iná rẹ̀, abẹ́rẹ́ ti gba inú ìka mi kọjá mọ́ aṣọ, ẹ̀jẹ̀ sì ti ta sí iwájú aṣọ náà. Kì í ṣe ìka ni mo kọ́kọ́ wò. Ẹsẹ̀ ni mo wò. Mo bá a sọ̀rọ̀ bí ọ̀gá mi ṣe kọ́ mi. Kò dá mi lóhùn.

Mo di ìka mi, mo sọ òtítọ́ fún ọmọbìnrin náà, mo gé ibi tí ẹ̀jẹ̀ bà jẹ́ kúrò, mo fi lẹ́ẹ̀sì tuntun dí i, mo sì gbé e fún un kí Sátidé tó pé. Ó sunkún nígbà tó kọ́kọ́ rí i, ó tún sunkún nígbà tó wọ̀ ọ́, ṣùgbọ́n ẹkún kejì kì í ṣe bíi ti àkọ́kọ́. Ohun tó yá mi lára ni pé mo parí iṣẹ́ náà. Ohun tó bà mí lẹ́rù ni pé mo mọ̀ pé n kò ní lè máa ṣe é pẹ́ mọ́.

Àyẹ̀wò gba ìgbà pípẹ́. Wọ́n ní ẹ̀yìn mi ni, wọ́n tún ní ọjọ́ orí ni, kí wọ́n tó fi ẹ̀rọ ńlá ya àwòrán orí mi. Àìsàn tí wọ́n ń pè ní Ẹ́mù-Ẹ́sì ni wọ́n rí. Bí dókítà ṣe ṣàlàyé rẹ̀ ni pé àwọn wáyà tó ń gbé ọ̀rọ̀ láti ọpọlọ lọ sí ara, ara fúnra rẹ̀ ló ń họ rọ́bà ara wọn kúrò. Ọ̀rọ̀ tí ọpọlọ bá sọ kì í wá dé ẹsẹ̀ bó ṣe yẹ. Kì í pani lójijì, kì í sì í lọ. Tèmi, gígan ni: itan mi yóò fún mọ́ra, orúnkún méjèèjì yóò há mọ́ ara wọn, yóò sì máa dùn mí bí ẹni tí wọ́n ń lọ́ ẹran ara rẹ̀. Wọ́n fún mi ní oògùn tó ń dẹ iṣan. Ó dẹ̀ ẹ́ díẹ̀, ṣùgbọ́n bí mo bá lò ó tó bí wọ́n ṣe ní kí n lò ó, oorun ni yóò gbé mi lọ lórí aṣọ oníbàárà. Mo ti ṣọ́ọ̀bù náà pa. Ọjọ́ tí mo fún ẹlòmíràn ní kọ́kọ́rọ́ rẹ̀, n kò lè kọrin.

Ní ọsibítù, níbi tí a ti máa ń dúró de dókítà, mo bá obìnrin òyìnbó kan pàdé tó ń gbé ní Rippleside. Mọ́rín ni orúkọ rẹ̀, orí àga oníkẹ̀kẹ́ ló wà. Àìsàn kan náà ló ń ṣe wá. Ó bi mí pé ṣé mo ti gbìyànjú oògùn tí wọ́n ń fín sínú ẹnu. Mo ní èwo nìyẹn. Ó ní, "Igbó ni wọ́n fi ṣe é. Dókítà àgbà ló ń kọ ọ́. Ẹsẹ̀ mi ti rọ̀ díẹ̀ láti ìgbà tí mo ti ń lò ó." Bó ṣe sọ ọ́, bí ẹni ń sọ pé òun ra búrẹ́dì. Èmi bojú wẹ̀yìn wò bóyá ẹnì kan tó mọ̀ mí wà nítòsí.

Mo dé ilé, mo sọ fún ọkọ mi. Alàgbà ni nínú ìjọ wa. Ó gbé ife tíì rẹ̀ sílẹ̀.

"Ìyá Dúpẹ́, igbó kẹ̀?"

"Oògùn ni, Bàbá Dúpẹ́. Dókítà ló ń fúnni."

"Ìwọ, pẹ̀lú ohun tí ojú rẹ rí lára Káyọ̀dé? Tí àwọn ìyá ìjọ bá gbọ́ ńkọ́? Aṣọ funfun la ń wọ̀ o."

Ohun tó sọ náà ni èmi náà ń sọ fún ara mi. Síbẹ̀ mo gba àyè lọ́dọ̀ dókítà àdúgbò wa, obìnrin kan tí àwọn òbí rẹ̀ ti Ṣìrì Láńkà wá. Mo jókòó. Ó ní kí ló ṣẹlẹ̀. Mo ní ikọ́ ló ń ṣe mí. Ó fi nǹkan gbọ́ àyà mi, ó ní àyà mi mọ́ tónítóní. Mo dúpẹ́, mo jáde. Lójú ọ̀nà, mò ń bá ara mi jà bí ìyàwó àti ìyálé.

Ohun tó sọ mí di akọni ṣẹlẹ̀ ní Heathway. Mò ń sọdá títì pẹ̀lú báàgì iṣu lọ́wọ́ nígbà tí ẹsẹ̀ méjèèjì há mọ́ ara wọn láàárín ọ̀nà. N kò lè lọ síwájú, n kò lè padà. Ọkọ̀ ń fun fèrè. Mo ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́, iṣu dà sílẹ̀. Ọkùnrin kan kígbe láti inú ọkọ̀ pé kí ìyá ọ̀mùtí yẹn kúrò lọ́nà. Èmi tí n kò fi ẹnu kan ọtí rí! Ọ̀dọ́bìnrin kan tó ń ta fóònù ló sáré jáde wá dì mí mú. Mo jókòó sínú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Ibẹ̀ ni mo ti sọ fún ara mi pé: Fọlákẹ́, ìtìjú tí o ń sá fún nítorí ìbéèrè kan, ó ti rí ọ mú láìbéèrè. Ìwọ ló kù.

Mo pe ọmọ mi, Dúpẹ́, lórí fóònù. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un.

"Mummy, so ẹ lọ rí dókítà, ẹ wá sọ pé cough ló ń ṣe yín?"

"Ojú ló tì mí."

"Ah-ah! Ó yá, ẹ jẹ́ ká practise. Èmi ni dókítà. Good morning, how can I help you?"

"Dúpẹ́, má fi mí ṣe yẹ̀yẹ́."

"Mummy, mi ò ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹ say it."

Mo gbìyànjú rẹ̀. Mo kọ́kọ́ sọ pé "ewé kan báyìí." Ó ní ewé wo. Mo ní "ewé tí kò dára yẹn." Ó ní dókítà kò ní mọ ohun tí mò ń sọ. Ó mú mi títí tí mo fi pe kánábíìsì, orúkọ tí àwọn dókítà ń pe igbó, ketekete láìfi ohùn sísàlẹ̀. Lẹ́yìn náà ó ní, "Ẹ tún sọ fún un pé ẹ̀rù ń bà yín. Ẹ má fi pamọ́." Ọmọ tí mo bí ló ń kọ́ mi. Mo gbà.

Nígbà tí mo padà lọ, n kò jẹ́ kí dókítà náà béèrè kí n tó sọ. Bí mo ṣe jókòó ni mo ní, "Dókítà, ikọ́ kọ́ ló gbé mi wá níjọ́sí. Ohun kan wà tí mo fẹ́ béèrè, ẹ̀rù ń bà mí, ojú sì ń tì mí, ṣùgbọ́n n óò béèrè. Wọ́n ní oògùn kan wà tí wọ́n fi kánábíìsì ṣe fún ẹsẹ̀ tó ń gan. Mo fẹ́ mọ̀ bóyá ó lè wúlò fún mi."

Mò ń retí kó wò mí bákan. Kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó yí àga rẹ̀ kọjú sí mi.

"Ìbéèrè tó dára ni," ó ní. "Ẹ kì í ṣe ẹni àkọ́kọ́ tó bi mí. Kí ló ń bà yín lẹ́rù?"

"Mo rò pé ẹ máa rò pé ọmọ igbó ni mí."

Ó rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tí kò dunni. Ó ní òun kọ́ ló lè kọ oògùn náà, pé dókítà àgbà tó mọ̀ nípa àìsàn mi ló lè bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, pé kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni wọ́n ń fún, àti pé kì í ṣiṣẹ́ lára gbogbo ẹni tí wọ́n fún. Ó ní kí n má ṣe ra ohunkóhun lójú títì o, kí n sì má fọwọ́ ara mi dá oògùn tí mò ń lò dúró. Ó ní òun yóò kọ̀wé sí dókítà àgbà náà pé mo fẹ́ kí a sọ̀rọ̀ lórí rẹ̀. Nígbà tí mo jáde, afẹ́fẹ́ ìta dùn ún mí sínú.

Nígbà tí ọjọ́ dókítà àgbà pé, ọkọ mi ní òun yóò bá mi lọ. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní títì ti yí èrò rẹ̀ padà. Ó ti wá ń fẹ́ kí n rí oògùn náà gbà ju bí èmi gan-an ṣe fẹ́ lọ. Dókítà náà jẹ́ ọkùnrin tó ń fara balẹ̀, ó béèrè nípa ọkàn mi, ẹ̀dọ̀ mi, oorun mi. Mo dáhùn gbogbo rẹ̀. Ó wá béèrè pé, "Ṣé ẹnikẹ́ni nínú ẹbí yín ti ní àìsàn ọpọlọ rí? Bí ẹni tó ń gbọ́ ohùn tí ẹlòmíràn kò gbọ́?"

Ọkọ mi wúkọ́. Ó wo ilẹ̀, ó fi Yorùbá sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé, "Má sọ ti Káyọ̀dé. Tí o bá sọ ọ́, wọn ò ní fún ẹ."

Mo mọ̀ pé òótọ́ ló ń sọ. Mo rí i lójú dókítà pé ìbéèrè yẹn kì í ṣe ìbéèrè lásán. Rárá kékeré kan ni mo nílò, bóyá ẹsẹ̀ mi á sì rọ̀. Ọ̀rọ̀ Kánò wà ní ẹnu mi níbẹ̀, ó ti gbó síbẹ̀. Ṣùgbọ́n mo rò ó pé mo ti sọ ohun tó ń tì mí lójú jù, ó sì kù díẹ̀ kí n parí rẹ̀. Kí ni mo wá wá síbẹ̀ bí kì í bá ṣe pé kí n sọ òótọ́ ara mi fún ẹni tó lè ràn mí lọ́wọ́?

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni. Àbúrò mi. Káyọ̀dé lorúkọ rẹ̀."

Mo sọ gbogbo rẹ̀: igbó, òwú etí, máṣíìnì tó ń ṣépè, abúlé. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo dárúkọ rẹ̀ fún àjèjì nílẹ̀ yìí. Dókítà náà fi bírò rẹ̀ sílẹ̀, ó gbọ́ mi tán.

"Ẹ ṣeun tí ẹ sọ fún mi," ó ní. "Nítorí ohun tí ẹ sọ yìí, n kò ní lè fún yín ní oògùn náà. Tí irú àìsàn bẹ́ẹ̀ bá wà nínú ẹbí, ó léwu fún ọpọlọ yín. Mo mọ̀ pé kì í ṣe ohun tí ẹ fẹ́ gbọ́."

Ọkọ mi mí kanlẹ̀. Omi bọ́ lójú mi. Mo bi dókítà pé, "Ṣé igbó ló ba àbúrò mi jẹ́?"

Ó ní òun kò rí i, òun kò lè sọ. Ó ní àwọn kan wà tí irú àìsàn bẹ́ẹ̀ ti lè wà lára wọn, tí igbó sì lè jí i dìde tàbí kó mú un le sí i. "Ṣùgbọ́n àìsàn ni, ìyá. Kì í ṣe ìwàkiwà."

Mo nu ojú mi. N kò dìde.

"Ó dáa," mo ní. "Èyí kò ṣeé ṣe. Kí ló kù? Torí n kò ní kúrò lórí àga yìí títí ẹ óò fi sọ ohun tó kù fún mi."

Ó wò mí, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ní kí n dùbúlẹ̀ kí òun yẹ ẹsẹ̀ mi wò. Ó tẹ̀ ẹ́, ó nà án, ó béèrè àkókò tí mò ń lo oògùn mi. A rí i pé mò ń kó gbogbo rẹ̀ jọ lò ní ìdájí, ìdí nìyẹn tí oorun fi ń gbé mi. Ó pín in káàkiri ọjọ́ náà. Ó tún fi mí ránṣẹ́ sí àwọn tó mọ̀ nípa nína ẹsẹ̀, wọ́n sì gún mi ní abẹ́rẹ́ kan sínú ẹran itan mi gan-an, èyí tó ń jẹ́ kó dẹ̀ fún oṣù mélòó kan kí wọ́n tó tún un gún. Wọ́n kọ́ mi ní nína tí mò ń ṣe láràárọ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì. N kò pa ọjọ́ kan jẹ. Ẹsẹ̀ mi kò padà di ti ọmọdé, mo ṣì ń lo ọ̀pá. Ṣùgbọ́n orúnkún mi kì í há mọ́ ara wọn bíi ti tẹ́lẹ̀, mo sì ń sọdá títì Heathway láìdi ẹnikẹ́ni mú.

Ní ọjọ́ tí a ti ọ̀dọ̀ dókítà àgbà dé, ọkọ mi kò sọ̀rọ̀ nínú ọkọ̀ títí a fi fẹ́rẹ̀ẹ́ délé. Ó wá ní, "Èmi ni mo ní kí o má sọ."

"Mo gbọ́ yín."

"Ẹ̀rù ló bà mí."

"Mo mọ̀."

Ó ní, "Pe Káyọ̀dé." Àbúrò mi ń bẹ lọ́dọ̀ ọmọ àǹtí wa ní Abẹ́òkúta báyìí, ó ń lo oògùn rẹ̀, ó sì ń rán àwọn ọmọ ilé létí iṣẹ́ àmúrelé wọn. A pè é lórí fóònù tó ń fojú hàn. Ó rí mi, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, wọ́n ní ẹsẹ̀ ń dùn yín. Ẹ jókòó dáadáa." Ó rí ọkọ mi, ó ní, "Ẹ̀yin náà, ẹ jókòó dáadáa." A rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú ọkọ mi.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ fẹ́ mọ̀ bóyá télọ̀ jẹ́ iṣẹ́ tó dára. Ó dára. Yóò kọ́ yín ní sùúrù, yóò sì fi oúnjẹ sí yín lẹ́nu. Ṣùgbọ́n ara yín lẹ ó fi ṣe é, iṣẹ́ yòówù kó jẹ́. Bí ara bá sọ̀rọ̀, ẹ gbọ́ ọ, kí ẹ sì wá ẹni tó mọ̀ ọ́n, kí ẹ bi í léèrè. Ó lè ní rárá. Tèmi, rárá ni wọ́n sọ fún mi, ibi rárá yẹn náà sì ni ìrànlọ́wọ́ mi ti bẹ̀rẹ̀.

Ní oṣù tó kọjá, mo dìde jẹ́rìí níwájú àwọn ìyá ìjọ. Mo sọ gbogbo rẹ̀, mo pe igbó ní igbó, mo sì dárúkọ Káyọ̀dé. Kò sẹ́ni tó pariwo halelúyà. Mo rò pé mo ti ba nǹkan jẹ́. Nígbà tí a túká, ìyá kan tó jù mí lọ lọ́jọ́ orí, tó máa ń jókòó ní ẹ̀yìn pátápátá, tẹ̀lé mi dé ibi tí a ń kó bàtà wa sí. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì.

"Ìyá Dúpẹ́, èmi náà ní nǹkan tí mo fẹ́ bi dókítà. Ó ti pẹ́. N kò mọ bí mo ṣe máa pè é lójú ọkùnrin."

Mo ní, "Dókítà obìnrin ni tèmi, Màámi. Ẹ óò bá mi lọ?"

Ó ní òun yóò bá mi lọ. Ọjọ́ Ajé tó ń bọ̀ la máa lọ. Mo ti sọ fún un kó wọ bàtà tó rọ̀ ọ́ lẹ́sẹ̀, nítorí ọ̀nà ibẹ̀ kò jìnnà, a óò sì rìn ín.